Ẹnu Tí Ọ̀rọ̀ Yóò Gbà Jáde

Bí ènìyàn bá gbéra ní Ìjẹ̀bú-Òde, ìlú Awùjálẹ̀, ọmọ Alárè, tí ó sì dojú kọ ọ̀nà Òdógbólú, kò ní tíì rìn dé ibi tí yóò rẹ̀ ẹ́ kí ó tó wọ Òsósà, ìlú kékeré kan tí ọ̀pọ̀ ènìyàn lẹ́yìn ilẹ̀ Ìjẹ̀bú kì bá tí gbọ́ orúkọ rẹ̀ rí, bí kì í bá ṣe ti ọmọkùnrin kan tí wọ́n bí síbẹ̀ ní ọdún 1916, tí ó gbé orúkọ ìlú náà rìn láti Èkó dé Kánò, tí ó tún gbé e dé ilẹ̀ Gánà, kí ó tó lọ dákẹ́ ní Lọ́ńdọ̀nù ní ọjọ́ 4 oṣù kẹrin ọdún 1990. Hubert Adédèjì Ògúndé ni mò ń wí, àgbà tí ó mú eré orí ìtàgé kúrò nínú ọgbà ṣọ́ọ̀ṣì, tí ó sọ ọ́ di iṣẹ́ tí ènìyàn lè fi bọ́ ilé. Mo ti tọ ọ̀nà Òsósà yìí ju iye ìgbà tí mo lè kà lọ. Nígbà mìíràn iṣẹ́ ni ó gbé mi lọ, nígbà mìíràn ọkàn mi ni ó kàn fà síbẹ̀. Nítorí pé láti ọgbọ̀n ọdún ó lé díẹ̀ tí mo ti ń fi ìtàn-kíkọ fún fíìmù jẹun, ìgbàkúùgbà tí ọ̀rọ̀ bá há mọ́ mi lọ́nà ọ̀fun, tí àwọn ènìyàn inú ìwé mi bá kọ̀ tí wọn kò sọ̀rọ̀ bí ènìyàn, ọ̀dọ̀ bàbá yìí ni èrò mi máa ń sá tọ̀.

Ọmọ ilé-ìwé girama ni mí nígbà tí Aiyé, fíìmù rẹ̀ àkọ́kọ́, tí ó jáde ní ọdún 1979, dé ọ̀dọ̀ wa. Ẹ̀gbọ́n bàbá mi ni ó mú mi dání lọ wò ó. Èrò pọ̀ bí eṣú ní gbọ̀ngàn náà. Àwọn ìyá ọlọ́jà ti pa àtẹ wọn dé kí ilẹ̀ tó ṣú, àwọn ọmọdé jókòó sí ilẹ̀ níwájú, àwọn tí kò rí àyè jókòó sì fara ti ògiri. Títí tí aṣọ funfun ara ògiri náà fi ṣókùnkùn, n kò rántí pé mo mí kanlẹ̀ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Nígbà tí a jáde síta, tí afẹ́fẹ́ òru fẹ́ sí mi lára, mo bi ẹ̀gbọ́n bàbá mi léèrè pé, “Bàbá, ta ni ó kọ ìtàn yẹn?” Ó dúró, ó wò mí bí ẹni pé mo bi í pé ta ni ó kọ òjò tí ó rọ̀ lánàá. “Kí ni ẹnikẹ́ni ń kọ níbẹ̀? Ògúndé ni ó ṣe é.”

Ìdáhùn náà kò tẹ́ mi lọ́rùn nígbà náà, nítorí pé ọmọ ìwé ni mí, èmi sì gbà pé ohun gbogbo tí ó bá dára ní láti ti inú ìwé wá. Ọ̀pọ̀ ọdún kọjá kí n tó mọ̀ pé ẹ̀gbọ́n bàbá mi, tí kò ka ìwé kọjá Standard Six, ti fi ọwọ́ kan ìdí ọ̀rọ̀ tí èmi yóò máa wá kiri fún ìyókù ayé mi.

Ilé là ń wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ. Olùṣọ́-àgùntàn ìjọ Onítẹ̀bọmi ni bàbá Ògúndé. Abọrẹ̀ ni bàbá tí ó bí ìyá rẹ̀, ọmọ náà sì gbé pẹ̀lú bàbá àgbà yìí fún ìgbà díẹ̀, ó gbọ́ ẹsẹ Ifá, ó rí bí wọ́n ti ń bọ Ògún. Ní ọwọ́ kan, orin ìyìn àti ìwàásù. Ní ọwọ́ kejì, ìlù, ìjúbà, àti eégún alárìnjó tí ó máa ń pidán láàárín ọjà, tí ọmọ náà sì ń sáré tẹ̀ lé kiri nígbà tí ó ṣì wà ní ilé-ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀. Ó ka ìwé díẹ̀ ní Òsósà, ó ka díẹ̀ ní Fàájì ní Èkó, ó sì parí rẹ̀ ní ilé-ìwé ìjọ African Church tí ń jẹ́ Wásinmi ní ọdún 1932. Lẹ́yìn èyí ó di tíṣà, ó di olórí akọrin ṣọ́ọ̀ṣì, ó sì ń tẹ dùùrù. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ má ṣe fi ojú kékeré wo dùùrù yẹn. Ẹni tí ó bá ti darí akọrin rí mọ ohun kan tí ọ̀pọ̀ nínú àwa akọ̀tàn kì í mọ̀ títí a ó fi dàgbà: ó mọ̀ pé ohùn kì í ṣe ọ̀kan, pé orin tí yóò dára lẹ́nu obìnrin yìí yóò bàjẹ́ lẹ́nu ọkùnrin yẹn, àti pé iṣẹ́ olórí akọrin ni kí ó mọ ohùn olúkúlùkù kí ó tó pín orin.

Ní ọdún 1941 ó wọ iṣẹ́ ọlọ́pàá ní Ìbàdàn, wọ́n sì wá gbé e lọ sí Ẹ̀bútẹ́ Mẹ́tta. Ibẹ̀ ni ó ti bá ìjọ Olúwa ti Aládùúrà pàdé. Ìjọ náà ń wá owó tí wọn yóò fi kọ́ ilé ìsìn, ọlọ́pàá yìí sì fi ọwọ́ sọ̀yà pé òun yóò ṣe eré fún wọn. Bí ọgbà Édẹ́nì, èyí tí ó pè ní The Garden of Eden and the Throne of God, ṣe dé orí ìtàgé Glover Memorial Hall ní oṣù kẹfà ọdún 1944 nìyẹn. Ní ọdún tí ó tẹ̀ lé e ó dá ẹgbẹ́ African Music Research Party sílẹ̀, kò sì pẹ́ tí ó fi bọ́ aṣọ ọlọ́pàá kalẹ̀ pátápátá. Ẹni tí ó bá mọ ohun tí owó oṣù ìjọba jẹ́ ní ayé ìgbà náà, tí ó sì mọ bí Ìjẹ̀bú ti í ṣírò kí ó tó tẹ ẹsẹ̀ síbi kan, yóò mọ̀ pé ọkàn akin ni ọmọ Òsósà yìí fi ṣe ohun tí ó ṣe. Ní àkókò náà, bí ọ̀dọ́mọkùnrin bá wí fún àwọn òbí rẹ̀ pé eré ṣíṣe ni òun yóò fi ṣe iṣẹ́, alágbe ni wọn yóò pè é.

Kí ni ó ń kọ? Láti inú Bíbélì ni ó ti bẹ̀rẹ̀, bí gbogbo àwọn ẹlẹ́gbẹ́ rẹ̀. Ṣùgbọ́n kò pẹ́ níbẹ̀. Ní oṣù kẹfà ọdún 1945 àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba da iṣẹ́ sílẹ̀ káàkiri Nàìjíríà, nítorí pé ogun ti mú ọjà gbówó lórí, owó oṣù wọn sì dúró sójú kan. Kí ọdún náà tó parí, Ògúndé ti gbé Strike and Hunger jáde. Nígbà tí ó gbé eré náà dé Jọ́ọ̀sì ní ọdún 1946, àwọn ọlọ́pàá, àwọn tí òun náà ti wọ irú aṣọ wọn rí, mú un. Ní oṣù kọkànlá ọdún 1949 ọlọ́pàá yìnbọn pa àwọn awakùsà 21 ní Iva Valley ní Enúgu. Ní ọdún 1950 Ògúndé ṣe Bread and Bullet lórí ọ̀rọ̀ náà. Láàárín àwọn eré méjèèjì yìí, ó tún ṣe Human Parasites, èyí tí ó fi bá àwọn tí ń jẹ gbèsè nítorí aṣọ ẹbí wí, ọ̀rọ̀ tí ó ṣì jinlẹ̀ lónìí ju bí ó ti jinlẹ̀ ní ọdún 1946 lọ. Orúkọ Gẹ̀ẹ́sì ni ó ń fún àwọn eré náà, nítorí pé bẹ́ẹ̀ ni ayé Èkó ti rí nígbà náà, ṣùgbọ́n nígbà tí ènìyàn bá sunkún nínú wọn, Yorùbá ni ó fi ń sun ún.

Mo ń fi ojú oníṣẹ́ wo ọ̀rọ̀ yìí, ohun tí ó sì yà mí lẹ́nu jù ni ìyára rẹ̀. Èmi tí mo ní kọ̀ǹpútà, tí mo ní iná díẹ̀ díẹ̀, oṣù mẹ́fà ni mo fi ń kọ ìtàn kan. Báwo ni ọkùnrin yìí ṣe ń rí ọ̀rọ̀ ìlú ní oṣù kẹfà, tí ó sì ń gbé e sórí ìtàgé kí ọdún tó yí? Ìdáhùn náà wà nínú ọ̀nà tí ó ń gbà kọ̀wé, èyí tí ọ̀pọ̀ nínú àwọn ọmọ ẹ̀yìn wa kò ka sí ìkọ̀wé rárá. Orin ni ó máa ń kọ́kọ́ dì mú ṣinṣin: orin tí a fi ń ṣí eré, tí àwọn òṣèré ìgbà náà ń pè ní gílíì, tí ó bọ́ sí ipò ìjúbà àwọn eégún alárìnjó, orin àárín eré, orin tí a fi ń pa ilẹ̀kùn rẹ̀ dé. Àwọn orin náà ni kò gbọdọ̀ yẹ̀. Láàárín orin kan sí èkejì, ó fún àwọn òṣèré ní egungun ìtàn: ta ni ó wọlé, kí ni ó bá wá, kí ni yóò ṣẹlẹ̀ kí ó tó jáde. Ẹran ara egungun náà, òṣèré ni yóò mú un wá láti ẹnu ara rẹ̀, nínú ìdánrawò, lójoojúmọ́, títí tí ọ̀rọ̀ yóò fi jókòó síbi tí ó yẹ kí ó jókòó. Nítorí náà, ẹni tí ó bá fẹ́ ka gbogbo eré Ògúndé nínú ìwé lónìí, díẹ̀ ni yóò rí. Orin inú àwo rẹ́kọ́ọ̀dù pọ̀ ju ọ̀rọ̀ inú ìwé lọ.

Àwọn kan ti sọ fún mi pé, bí ó bá rí bẹ́ẹ̀, kí ni mo ṣe ń pe Ògúndé ní akọ̀tàn? N kò gba ọ̀rọ̀ wọn. Bí a bá sọ pé ẹni tí kò fi gègé kọ ọ́ sórí bébà kò kọ nǹkan kan, a ti pa gbogbo baba ńlá wa rẹ́ nìyẹn, àwọn tí wọ́n kọ ẹsẹ Ifá sínú ọpọlọ ọmọ awo, àti àwọn ìyá tí wọ́n ń sun rárà, tí ọ̀rọ̀ wọn kò sì sọnù. Ìtàn-kíkọ ni kí ènìyàn mọ ohun tí ó yẹ kí a sọ, kí ó mọ ìgbà tí ó yẹ kí a sọ ọ́, kí ó sì mọ ẹnu tí ọ̀rọ̀ náà yóò gbà jáde. Mo fi ẹ̀kẹta yìí ṣe pàtàkì ju méjì ìṣáájú lọ, òun náà ni ó sì jẹ́ agbára Ògúndé. Ó mọ ẹnu àwọn ènìyàn rẹ̀. Ó mọ ẹni tí ń yára bínú, ó mọ ẹni tí ẹ̀rín rẹ̀ ń pẹ́ kí ó tó dé, ó mọ ẹni tí ó lè dákẹ́ tí ìdákẹ́ rẹ̀ yóò sì wúwo ju ọ̀rọ̀ lọ. Ṣé kò ní mọ̀ wọ́n? Inú ilé kan náà ni wọ́n jọ ń gbé. Nígbà tí àwọn òbí kò jẹ́ kí ọmọbìnrin wọn ṣe eré, tí àwọn tí ó sì wọ ẹgbẹ́ ń fi í sílẹ̀ ní kété tí wọ́n bá lọ sí ilé ọkọ, ó fẹ́ púpọ̀ nínú àwọn òṣèrébìnrin rẹ̀ ní ìyàwó, àwọn ọmọ tí wọ́n bí fún un sì bá wọn wọ inú iṣẹ́. Ènìyàn lè sọ ohun tí ó bá wù ú nípa irú ìgbéyàwó bẹ́ẹ̀. Èmi kò jókòó ṣe ìdájọ́ ilé onílé. Ohun tí mo mọ̀ ni pé bí ewé bá pẹ́ lára ọṣẹ yóò di ọṣẹ, ẹni tí ó bá sì jẹun pẹ̀lú àwọn òṣèré rẹ̀ ní àárọ̀, tí ó rin ìrìn àjò pẹ̀lú wọn ní ọ̀sán, tí ó sì bá wọn sin òkú wọn, kò ní fi ọ̀rọ̀ tí kò bá ẹnu wọn mu sí wọn lẹ́nu láéláé.

Mo mẹ́nu kan òkú. Ní ọdún 1970 jàm̀bá ọkọ̀ gba ẹ̀mí Adéṣẹ̀wà, ìyàwó rẹ̀, ẹni tí ó ti wà pẹ̀lú rẹ̀ nínú iṣẹ́ náà láti ìbẹ̀rẹ̀, tí wọ́n sì jọ lọ sí Lọ́ńdọ̀nù ní ọdún 1947 láti lọ wo bí àwọn òyìnbó ti ń jó tí wọ́n sì ń ṣeré. Òpópónà ni ọ́fíìsì àwọn òṣèré alárìnkiri. Òpópónà náà sì ni ó ń jẹ wọ́n.

Ti Yorùbá Ronú ni kí n wá sọ. Ní ọdún 1964, nígbà tí àwọn àgbààgbà Ìwọ̀ Oòrùn Nàìjíríà ti pín sí méjì, tí ẹ̀gbọ́n kò fẹ́ rí àbúrò, wọ́n ní kí Ògúndé wá ṣe eré níbi ìfilọ́lẹ̀ ẹgbẹ́ kan tí ó sún mọ́ ìjọba tí Olóyè S. L. Akíntọ́lá ń ṣe olórí rẹ̀. Eré tí ó gbé lọ síbẹ̀ ni Yorùbá Ronú: ìtàn ọba kan àti àwọn tí wọ́n dalẹ̀ rẹ̀. Kò dárúkọ ẹnikẹ́ni. Ṣùgbọ́n bí a bá sọ òkò sí ọjà, ará ilé ẹni ní í bá, àwọn tí òkò náà bà sì mọ ara wọn. Ìjọba Ìwọ̀ Oòrùn fi òfin de ẹgbẹ́ rẹ̀, wọn kò gbọdọ̀ ṣeré mọ́ ní gbogbo agbègbè náà. Àwọn baba wa ní ọba kì í pa ọ̀kọrin. Lóòótọ́ wọn kò pa á, ṣùgbọ́n ẹni tí ó jẹ́ pé àárín àwọn ènìyàn rẹ̀ ni ó ti ń rí oúnjẹ òòjọ́, tí a wá tì í mọ́ ẹ̀yìn odi ilé ara rẹ̀, kí ni ó kù? Ó dáhùn pẹ̀lú eré mìíràn, Òtítọ́ Korò. Ìgbà tí àwọn ológun dé ní ọdún 1966, tí Adékúnlé Fájúyì di gómìnà, ni wọ́n tó tú òfin náà ká. Mo máa ń sọ fún àwọn ọ̀dọ́ tí ń kọ́ iṣẹ́ lọ́dọ̀ mi pé kí wọ́n ro èyí dáadáa: ohun tí ìjọba bẹ̀rù nínú eré náà kì í ṣe bébà tí wọ́n lè gbà kí wọ́n dáná sun. Orin ni, ó sì ti wà lẹ́nu àwọn ènìyàn kí òfin tó jáde.

Fíìmù dé. Ní ọdún 1976 Ọlá Balógun, tí ó ti lọ kọ́ iṣẹ́ fíìmù ní Paris, gbé Àjàní Ògún jáde, àwọn òṣèré alárìnkiri sì rí i pé ohun tí àwọn ń fi ẹsẹ̀ gbé láti ìlú dé ìlú, a lè dì í sínú agolo. Ọlá Balógun yìí kan náà ni ó darí Aiyé fún Ògúndé, eré tí Ògúndé ti ṣe lórí ìtàgé tẹ́lẹ̀. Jáiyésinmi tẹ̀ lé e ní ọdún 1980, Àròpin N’tènìyàn ní ọdún 1982, Àyànmọ́ sì jáde ní ọdún 1988.

Ẹ jẹ́ kí n dúró díẹ̀ síbí, nítorí pé ibí ni iṣẹ́ tèmi ti bẹ̀rẹ̀. Fíìmù ayé ìgbà náà kì í ṣe bí ti ìsinsìnyí tí ènìyàn lè yà á títí ilẹ̀ yóò fi ṣú. Ọ̀já ni, à ń fi ẹsẹ̀ bàtà wọ̀n ọ́ bí aṣọ: èyí tí ó fẹ̀ ní 35 mm, ẹsẹ̀ bàtà 90 ni ẹ̀rọ ń jẹ ní ìṣẹ́jú kan, tí ó fi jẹ́ pé ọ̀já tí ó gùn tó ẹsẹ̀ bàtà 1000 kò ju nǹkan bí ìṣẹ́jú 11 lọ. Ìlú òyìnbó ni ọ̀já náà ti ń wá, ìlú òyìnbó ni a tún ń gbé e padà lọ kí wọ́n tó lè fọ̀ ọ́, owó òkèèrè ni a sì ń san. Lórí ìtàgé, bí òṣèré bá sọ ọ̀rọ̀ tí ó gùn jù, àwọn èrò yóò rẹ́rìn-ín, ilẹ̀ yóò mọ́, a ó tún un ṣe ní ìlú kejì. Nínú fíìmù, ọ̀rọ̀ tí ó gùn jù ń jẹ ọ̀já, ọ̀já ń jẹ owó. Èyí ni ó sọ bébà di ọ̀ranyàn láàárín wa. Kì í ṣe nítorí pé bébà ga ju ẹnu lọ ni akọ̀tàn fíìmù ṣe dé ilẹ̀ Yorùbá. Nítorí pé a ní láti mọ iye ọ̀rọ̀ kí a tó tan ẹ̀rọ ni. Bí ẹnikẹ́ni bá wá ń gbéraga nítorí sìkírípítì, bí àwa oníṣẹ́ ti ń pè é, mo máa ń rán an létí pé ìwé ìṣirò ni ó kọ́kọ́ jẹ́.

Ògúndé gba ìṣirò náà, Ìjẹ̀bú ni, ṣùgbọ́n kò torí rẹ̀ pa ẹnu tì. Ẹ wo bí Ọ̀ṣẹ́túrá, babaláwo tí òun fúnra rẹ̀ ṣe nínú Aiyé, ti ń sọ̀rọ̀. Orúkọ odù Ifá ni orúkọ náà, ọ̀rọ̀ rẹ̀ sì ń bọ̀ bí ẹni pé bàbá tí ó bí ìyá rẹ̀ ni ó ń fọhùn láti inú rẹ̀: kì í kánjú, kì í pariwo, bí ó bá sì pe nǹkan, nǹkan náà á jẹ́. Ọmọ tí ó ti bá abọrẹ̀ gbé ni ó lè kọ irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀. A kò lè lọ kà á ní yunifásítì.

Àwọn ọ̀mọ̀wé kan ti bínú sí àwọn fíìmù wọ̀nyí. Wọ́n ní àjẹ́ pọ̀ jù níbẹ̀, wọ́n ní ó mú kí àwọn ènìyàn máa fi ojú ọ̀tá wo ìyá àgbà inú ilé wọn. N kò ní sọ pé irọ́ ni wọ́n pa. Èmi fúnra mi mọ ilé tí wọ́n ti lé ìyá arúgbó jáde nítorí àlá ọmọdé, ó sì dùn mí wọ inú egungun. Bí mo bá ń wo Aiyé lónìí, ọkàn mi máa ń pín sí méjì: apá kan ń yin ọwọ́ tí ó hun ìtàn náà, apá kejì ń wí pé à bá ti fún àwọn obìnrin tí a pè ní àjẹ́ náà ní ẹnu tiwọn, kí a gbọ́ ohun tí ebi àti ìjà orogún ti ṣe fún wọn kí a tó gbé wọn wọ inú igbó. Láti ìgbà tí mo ti mọ èyí, n kò kọ ìtàn kankan mọ́ tí ènìyàn búburú inú rẹ̀ kò ní ojú ìran kan tí yóò fi wí tẹnu rẹ̀.

Níbi tí mo dé yìí, ọkùnrin mìíràn wá sí mi lọ́kàn, ẹni tí kò mọ Òsósà, tí Òsósà kò sì mọ̀ ọ́n. Ní ìlú Miskolc ní ilẹ̀ Họ́ngárì ni wọ́n ti bí Emeric Pressburger ní ọdún 1902. Júù ni. Ó ń kọ ìtàn fíìmù ní Berlin nígbà tí Hitler gba ìjọba; ó sá lọ sí Paris, ó sì dé Lọ́ńdọ̀nù ní ọdún 1935, pẹ̀lú èdè Gẹ̀ẹ́sì díẹ̀ lẹ́nu. Ọkùnrin yìí, tí ó ti kọ̀wé ní èdè Jámánì rí, èyí tí kì í ṣe èdè abínibí rẹ̀, tún bẹ̀rẹ̀ láti a, b, d. Ó bá olùdarí kan tí ń jẹ́ Michael Powell pàdé, wọ́n jọ ṣe fíìmù púpọ̀, The Red Shoes ti ọdún 1948 sì jẹ́ ọ̀kan nínú wọn. Ìtàn tí ó kọ fún 49th Parallel gba ẹ̀bùn Oscar fún un. Ṣùgbọ́n ohun tí mo fẹ́ràn jù nínú ìtàn àwọn méjèèjì ni ohun tí wọ́n ń kọ sí iwájú fíìmù wọn: pé àwọn méjèèjì ni wọ́n kọ ọ́, àwọn méjèèjì ni wọ́n gbé e jáde, àwọn méjèèjì ni wọ́n darí rẹ̀. Powell, tí ó dúró lẹ́yìn ẹ̀rọ, kò yọ akọ̀wé rẹ̀ kúrò. Pressburger, tí ó jókòó ti bébà, kò sì sọ pé ti òun nìkan ni. Èyí tí Ògúndé fi ara ẹni kan ṣoṣo ṣe ní Òsósà ni àwọn ènìyàn méjì fi ìfọkàntán ṣe ní Lọ́ńdọ̀nù: wọn kò jẹ́ kí a gé ọ̀rọ̀ kúrò lára ẹnu tí ó sọ ọ́.

Ní tiwa ńkọ́? Ọ̀rọ̀ yìí dùn mí, n ó sì sọ ọ́ bí ó ti dùn mí. Ìgbà kan wà tí mo kọ ìtàn kan tí ó gbà mí ní oṣù mẹ́jọ gbáko. Ikú ẹnì kan nínú ilé wa wà nínú ìtàn náà, omijé mi gan-an wà nínú rẹ̀. Àwọn tí mo kọ ọ́ fún san ìdajì owó, wọ́n ní ìyókù ń bọ̀. Nígbà tí fíìmù náà jáde, mo rà á lọ́wọ́ ọlọ́jà, mo pe ìyàwó àti àwọn ọmọ mi jókòó. Orúkọ ẹni tí ó se oúnjẹ wà níbẹ̀, orúkọ ẹni tí ó yá wọn ní ọkọ̀ wà níbẹ̀, ó sì yẹ kí ó wà. Orúkọ tèmi kò sí. Àbíkẹ́yìn mi, tí kò ju ọmọ ọdún méje lọ nígbà náà, bi mí pé, “Bàbá, ṣé ẹ̀yin kọ́ ni ẹ kọ ọ́ ni?” N kò rí èsì fọ̀. Ìbéèrè tí mo bi ẹ̀gbọ́n bàbá mi ní ìgbà èwe mi ni ó padà wá bá mi ní ojú ilé ara mi, ṣùgbọ́n ó ti kan egungun. Nígbà tí ẹ̀gbọ́n bàbá mi sọ pé Ògúndé ni ó ṣe é, ẹni tí ó ronú ìtàn, ẹni tí ó kọ orin rẹ̀, ẹni tí ó ṣe é lójú wa, àti ẹni tí ó fi owó rẹ̀ sí i, ẹnì kan náà ni wọ́n. Lónìí a ti pín ẹnì kan yẹn sí ọ̀nà mẹ́wàá, èyí tí ó kọ́kọ́ bẹ̀rẹ̀ nínú wọn ni a sì ń gbàgbé.

Owó náírà já wálẹ̀ láti ọdún 1986, fíìmù ọlọ́já kò sì ṣeé rà mọ́. Fídíò wọlé, ó yá, kò wọ́n, ó sì ṣí ilẹ̀kùn fún ọ̀pọ̀ ènìyàn tí èmi náà wà nínú wọn. N kò ní bú ẹni tí ó bọ́ mi. Ṣùgbọ́n nígbà tí ọ̀já kò sí mọ́ láti fi ṣe ìṣirò, ìkánjú gba ipò rẹ̀. Ìdánrawò di ohun ìgbàgbé. Òṣèré a dé sí ibi iṣẹ́ ní àárọ̀, wọn a nawọ́ bébà sí i, kó tó di alẹ́ yóò ti sọ gbogbo rẹ̀ tán, yóò sì ti wọ ọkọ̀ lọ sí ibòmíràn. A gba bébà lọ́wọ́ òyìnbó, a sọ ìdánrawò Ògúndé nù, a kò sì fi ohunkóhun rọ́pò rẹ̀.

Bàbá náà kò simi títí dé òpin. Ní àárín ọdún 1980 sí 1990 ni ìjọba àpapọ̀ fa iṣẹ́ dídá ẹgbẹ́ òṣèré orílẹ̀-èdè, National Troupe, lé e lọ́wọ́, ó sì kó àwọn ọmọ láti ẹ̀yà gbogbo jọ sí abẹ́ òrùlé kan bí ó ti kó agbo ilé rẹ̀ jọ. Àwọn òyìnbó wá lò ó nínú fíìmù Mister Johnson, tí Bruce Beresford darí. Wọ́n ń ṣe é tán ni bàbá ń múra àti lọ. Òsósà ni wọ́n gbé e padà sí.

Ní oṣù tí ó kọjá, mo kó àwọn òṣèré mẹ́rin jọ sí ẹ̀yìnkùnlé mi ní Ìjẹ̀bú-Òde fún ọ̀sẹ̀ méjì, a kàn ń sọ ọ̀rọ̀ inú ìwé mi ni, a kò tíì gbé ẹ̀rọ kankan jáde. Ìyá kan wà láàárín wọn tí ó ti lé ní àádọ́rin ọdún, tí ó ti bá àwọn ẹgbẹ́ alárìnkiri jẹ ìyà òpópónà nígbà èwe rẹ̀. Òun ni yóò ṣe opó. Ọ̀rọ̀ tí mo kọ fún un ni pé, “Ikú ọkọ mi ti mú kí ayé sú mi pátápátá.” Ó kà á lẹ́ẹ̀kan. Ó kà á lẹ́ẹ̀kejì. Ó gbé bébà náà lé orí ẹsẹ̀, ó yọ awò ojú rẹ̀.

“Akọ̀wé, ìyàwó tí ọkọ rẹ̀ kú lóṣù yìí kì í sọ̀rọ̀ báyìí.”

“Màmá, báwo ni ẹ fẹ́ kí ó sọ ọ́?”

Kò dá mi lóhùn kíákíá. Ó ń wo ìdí ààrò, níbi tí ìyàwó mi da àwọn abọ́ dé sí.

“N kò tíì fọ àwo rẹ̀,” ni ó wí.

Kò sí ẹni tí ó sọ̀rọ̀ ní ẹ̀yìnkùnlé náà. Mo fa ìlà sórí ọ̀rọ̀ tèmi, mo kọ tirẹ̀ sí abẹ́ rẹ̀, mo sì kọ orúkọ rẹ̀ sí etí ìwé náà kí n má baà gbàgbé. Lẹ́yìn náà ni a tún bẹ̀rẹ̀ ojú ìran náà láti òkè.